Ijó Tí Ó Kù Kí A Jó fún Àìná, Ọmọ Òkè-Ọ̀dàn

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ojú tí ó bá ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti dé òpin ìran. Òwe yìí dùn létí ọmọ Yewa, nítorí pé ilẹ̀ Kétu àti Yewa ni ó ni Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ṣùgbọ́n òwe náà kò sọ pé kí ojú tí ó ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ dijú sí ìran àwọn ẹlòmíràn. Èrò tí mo fẹ́ gbé kalẹ̀ fún ẹ̀yin olùkọ́ lítíréṣọ̀ àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ilé-ẹ̀kọ́ girama ni pé ó yẹ kí ẹ wo fíìmù ijó ballet kan, kí ẹ kà á bí ẹ ti ń ka ìwé ìtàn-àròsọ, kí ẹ sì ti ibẹ̀ bèèrè ìbéèrè kan tí ó kan ilé wa gbọ̀ngbọ̀n: ta ni yóò fi ijó sọ ìtàn Àìná, ọmọ Òkè-Ọ̀dàn?

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ ohun tí fíìmù náà jẹ́. Ballet ni ijó àwọn ará Yúróòpù tí a fi ń sọ ìtàn láìsí pé oníjó kankan la ẹnu. Ara, aṣọ àti orin ni ó ń ṣiṣẹ́ ọ̀rọ̀. John Neumeier, ọmọ Amẹ́ríkà tí ó fi Jámánì ṣe ibùgbé, ni ó ṣètò ijó tí mo ń sọ yìí. Ìlú Stuttgart ni wọ́n ti kọ́kọ́ jó o ní ọdún 1978, Marcia Haydée, ọmọ Bràsílì, ni ó sì jó ipa obìnrin tí ìtàn dá lé lórí. Ní ọdún 1987, Neumeier fúnra rẹ̀ darí fíìmù rẹ̀ pẹ̀lú Haydée àti ẹgbẹ́ oníjó ìlú Hamburg. Ní ọdún 2008 ẹ̀wẹ̀, wọ́n tún ká a sílẹ̀ ní Paris pẹ̀lú àwọn oníjó mìíràn. Orúkọ tí wọ́n ń pe ijó náà ní èdè Jámánì ni Die Kameliendame, èyí tí a lè pè ní Obìnrin Olódòdó Kamẹ́líà. Fryderyk Chopin, ọmọ ilẹ̀ Poland tí a bí ní 1810, ni ó ni gbogbo orin tí a gbọ́ nínú rẹ̀. Ọ̀kan pàtàkì ni Chopin jẹ́ nínú àwọn olórin sáà tí àwọn onímọ̀ ń pè ní Romantic, dùùrù ni ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ fi gbogbo ayé rẹ̀ kọ orin fún.

Ìtàn inú ijó náà kò ṣòro. Marguerite jẹ́ arẹwà obìnrin ní Paris tí àwọn olówó ń ná owó lé lórí. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Armand fẹ́ràn rẹ̀, òun náà sì fẹ́ràn Armand. Bàbá Armand wá bẹ̀ ẹ́ ní ìkọ̀kọ̀ pé kí ó fi ọmọ òun sílẹ̀, kí orúkọ ẹbí má bàa bàjẹ́. Marguerite gbà, kò sì sọ ìdí rẹ̀ fún olólùfẹ́ rẹ̀. Armand rò pé ó dalẹ̀ òun, ó sì dójú tì í ní gbangba. Ikọ́ ife ni ó pa obìnrin náà níkẹyìn, òun nìkan ṣoṣo, láìsí olólùfẹ́ ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Inú ìwé àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ tí ó fi sílẹ̀ ni Armand ti wá mọ òtítọ́. Ìwé Alexandre Dumas, èyí ọmọ, ni Neumeier ti mú ìtàn yìí, Dumas náà sì fi ayé obìnrin kan tí ó gbé ilé ayé rí, Marie Duplessis, tí ó kú ní 1847 ní ọmọ ọdún 23, ṣe ìpìlẹ̀ ìwé rẹ̀.

Bí a bá fi ojú lítíréṣọ̀ wo ijó yìí, a óò rí i pé àwọn ọgbọ́n ìsọ̀tàn tí a ń kọ́ ní kíláàsì ló kún inú rẹ̀. Gbàǹjo ni ó fi bẹ̀rẹ̀: Marguerite ti kú, wọ́n ń ta ẹrù rẹ̀, àwọn ènìyàn sì ń wo àga, aṣọ àti dùùrù tí kò ní olówó mọ́. Òpin ìtàn ni a ti kọ́kọ́ rí, kí a tó padà sí ìbẹ̀rẹ̀. Aṣọ jẹ́ àrokò. Nínú ijó mẹ́ta pàtàkì tí Marguerite àti Armand jọ jó, aṣọ elésè àlùkò ni Marguerite wọ̀ nígbà tí ìfẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ, funfun ni nígbà tí ìfẹ́ náà dé ògógóró, dúdú sì ni nígbà tí ikú ti sún mọ́ ọn. Àwítúnwí náà wà níbẹ̀, nítorí orin jẹ́jẹ́ kan láti inú ọ̀kan nínú àwọn iṣẹ́ ńlá Chopin fún dùùrù ni a ń gbọ́ ní ìbẹ̀rẹ̀, a tún gbọ́ ọ nígbà tí olólùfẹ́ méjèèjì wà ní ìgbèríko nínú ayọ̀, a sì tún gbọ́ ọ nígbà ikú. Orin kan náà ni, ṣùgbọ́n etí tí a fi gbọ́ ọ ti yí padà, nítorí ohun tí ojú ti rí láàárín. Eré nínú eré pàápàá wà níbẹ̀: ní ilé-eré ni Marguerite àti Armand ti pàdé, wọ́n ń wo ijó Manon Lescaut, obìnrin ìtàn àtijọ́ tí ìgbésí ayé rẹ̀ jọ ti Marguerite. Manon yìí kò sì fi í sílẹ̀ mọ́ títí ó fi kú, ńṣe ni ó ń tẹ̀lé e bí òjìji.

Ẹnìkan lè bi mí pé, kí ni gbogbo èyí já mọ́ fún ọmọ Òkè-Ọ̀dàn? Ìdáhùn mi wà nínú ọdún kan ṣoṣo: 1848.

Ọdún 1848 ni Dumas gbé ìwé rẹ̀ nípa Obìnrin Olódòdó Kamẹ́líà jáde. Ní oṣù karùn-ún ọdún yẹn kan náà, Chopin, ẹni tí àìsàn ti ń jẹ láti inú wá, tẹ dùùrù níwájú Ọbabìnrin Victoria ní Lọ́ńdọ̀nù. Kò ju ọdún kan àti oṣù díẹ̀ lọ lẹ́yìn náà tí òun fi kú. Ọdún 1848 yìí kan náà ni àwọn ìtàn sọ pé ogun Dàhómì, lábẹ́ Ọba Ghezo, já wọ Òkè-Ọ̀dàn, wọ́n pa ọ̀pọ̀, wọ́n sì kó ọ̀pọ̀ lẹ́rú. Nínú àwọn tí wọ́n kó ni ọmọdébìnrin kan tí ó tó nǹkan bí ọmọ ọdún márùn-ún. Wọ́n pa àwọn òbí rẹ̀. Àìná ni orúkọ rẹ̀, orúkọ àmútọ̀runwá tí a ń fún ọmọbìnrin tí ó gbé ìwọ́ kọ́rùn wá sáyé.

Ní 1850, ọ̀gágun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì kan, Frederick Forbes, dé ààfin Abomey láti bá Ghezo sọ̀rọ̀ lórí òwò ẹrú. Ghezo fi Àìná ta Ọbabìnrin lọ́rẹ. Forbes fún un ní orúkọ ara rẹ̀ àti orúkọ ọkọ̀ ojú omi rẹ̀, ó sì di Sarah Forbes Bonetta. Ní oṣù kọkànlá ọdún náà, wọ́n mú un dé iwájú Victoria. Etí kan náà tí ó gbọ́ dùùrù Chopin ní 1848 ni ó gbọ́ ohùn ọmọ Òkè-Ọ̀dàn ní 1850. Forbes sì kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ ní 1851 pé ọmọ náà ní ẹ̀bùn orin gan-an.

Ìyókù ìtàn rẹ̀ kì í ṣe ohun àjèjì sí àwọn tí ó ń ka ìtàn Èkó. Ọbabìnrin san owó ẹ̀kọ́ rẹ̀, wọ́n rán an lọ sí Freetown ní ilẹ̀ Sàró fún ọdún díẹ̀, wọ́n sì tún mú un padà sí Ìlú Ọba. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1862, ní Brighton, ó fẹ́ James Pinson Labulo Davies, oníṣòwò ńlá tí ó wà lára àwọn tí ó ran CMS Grammar School ní Èkó lọ́wọ́ ní ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Wọ́n wá ń gbé Èkó. Àkọ́bí wọn obìnrin ń jẹ́ Victoria, Ọbabìnrin sì ni ìyá ìsàmì rẹ̀. Ní 1880, ikọ́ ife pa Àìná ní Funchal, ní erékùṣù Madeira, níbi tí ó ti lọ wá ìwòsàn. Àìsàn kan náà ni ó pa Marguerite inú ijó, òun náà ni a sì mọ̀ mọ́ ikú Chopin. Ọkọ Àìná gbé òpó òkúta kan ró ní ìrántí rẹ̀ ní Ìjọn, níbi tí ó dá oko kòkó sí ní ìwọ̀ oòrùn Èkó.

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ kíyè sí i pé ìtàn méjèèjì yìí jọra ní ibi tí ó dunni jù. Àwọn ọkùnrin ni ó kọ ìtàn Marie Duplessis, ohun tí wọ́n rí lára rẹ̀ ni wọ́n sì kọ. Ìtàn Àìná náà, gègé Forbes ni ó kọ́kọ́ gbé e jáde. Forbes ni ó méfò pé ọmọ ìdílé ńlá ni, òun tí kò bá ẹnikẹ́ni nínú ìdílé náà pàdé rí. Láti ìgbà náà ni ayé ti ń pè é ní ọmọ ọba. Bóyá bẹ́ẹ̀ ni, bóyá bẹ́ẹ̀ kọ́, ìyẹn kò sọ ọmọ náà di ńlá tàbí kékeré lójú mi. Ohun tí ó sọ ọ́ di ẹni tí ó yẹ kí a gbọ́ ni àwọn lẹ́tà tí òun fúnra rẹ̀ kọ. Nígbà tí wọ́n ń rọ̀ ọ́ kí ó fẹ́ Davies, ó kọ̀wé sí ìyáàfin tí ó ń tọ́ ọ pé òun mọ̀ pé àwọn ènìyàn yóò ní olówó ni ọkùnrin náà, pé ìfẹ́ ń bọ̀ wá lẹ́yìn. Ó wá bèèrè bóyá kí òun fi ìbàlẹ̀ ọkàn òun pààrọ̀ owó, ó sì dáhùn pé rárá. Síbẹ̀, ó fẹ́ ẹ.

Láàárín "rárá" yẹn àti ọjọ́ ìgbéyàwó, kí ni ó ṣẹlẹ̀ nínú ọkàn ọmọbìnrin ọmọ nǹkan bí ọdún 18 tí kò ní bàbá, tí kò ní ìyá, tí gbogbo ẹni tí ó ń bọ́ ọ fẹ́ kí ó gbà? Onítàn kò lè sọ, nítorí onítàn kò gbọdọ̀ sọ ohun tí kò sí nínú ìwé. Ibẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ oníjó ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ wo bí Neumeier ti ṣe irú ibẹ̀ yẹn. Nígbà tí bàbá Armand wá bẹ Marguerite, kò sí ọ̀rọ̀ kankan tí a gbọ́. Ara obìnrin náà ni ó ń jà, tí ó ń kọ̀, tí ó ń bẹ̀bẹ̀, tí ó sì wá tẹrí ba. Ẹni tí ó bá wo ìran náà tán kò ní nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé fún un ohun tí ó túmọ̀ sí kí ènìyàn gba ohun tí ọkàn rẹ̀ kọ̀. Ìran bẹ́ẹ̀ ni ó yẹ Àìná.

Àwọn ará Ìlú Ọba kò sì jókòó lórí ìtàn rẹ̀. Camille Silvy ya fọ́tò rẹ̀ ní 1862, àwọn fọ́tò náà sì wà ní ilé àkójọ àwòrán ńlá ní Lọ́ńdọ̀nù. Eré tẹlifíṣọ̀n kan nípa Ọbabìnrin Victoria fi í hàn ní 2017. Ní 2020, wọ́n gbé àwòrán rẹ̀ tí Hannah Uzor kùn kọ́ sí ààfin Osborne, ilé Victoria àtijọ́. Mo kí wọn. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo rẹ̀, ilé Victoria ni ìtàn Àìná ti ń bẹ̀rẹ̀, ibẹ̀ náà ni ó ń parí sí. Òkè-Ọ̀dàn kàn jẹ́ gbólóhùn kan ní ìbẹ̀rẹ̀. Bí ọmọ ẹni bá sọnù, tí àwọn ẹlòmíràn sì ń sọ ìtàn rẹ̀ fún wa, kí ni a fẹ́ sọ fún àwọn tí ń bọ̀ lẹ́yìn?

Èrò mi ni pé ilẹ̀ Yewa ní ohun èlò tí ó yẹ iṣẹ́ yìí ju ti Stuttgart lọ. Àjọ UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní 2001 gẹ́gẹ́ bí ọ̀kan nínú ogún ìṣẹ̀ǹbáyé tí gbogbo ayé gbọ́dọ̀ dáàbò bò, ó sì wọ inú àkọsílẹ̀ wọn ní 2008. Kì í ṣe nítorí ọ̀ṣọ́ nìkan. Àwọn ìyá ni Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ń bọlá fún. Ọkùnrin ni ó sábà máa ń gbé e, ṣùgbọ́n ara obìnrin ni ó gbé wọ̀, gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó gbà pé ọlá ìyá kò ṣeé fojú di. Bákan náà, ijó Gẹ̀lẹ̀dẹ́ kì í ṣe ijó tí ó kàn tẹ̀lé orin lásán. Nítorí pé èdè wa ní ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀, ìlù lè sọ̀rọ̀. Bí ìlù bá ti ń sọ gbólóhùn rẹ̀, ẹsẹ̀ oníjó a máa tẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, irin ọrùn ẹsẹ̀ rẹ̀ a sì máa dún sí i. Nígbà tí ìlù bá fi òpin sí gbólóhùn, ẹsẹ̀ náà gbọ́dọ̀ fi òpin sí i lẹ́ẹ̀kan náà. Oníjó tí ó bá ṣì ń jó lẹ́yìn tí ìlù ti dákẹ́ ti ka ìwé kọjá ibi tí ó parí.

Ìyàtọ̀ pàtàkì tí ó wà láàárín ijó méjèèjì nìyí. Dùùrù Chopin kò sọ ọ̀rọ̀ kankan, ìmọ̀lára ni ó ń gbé wá, oníjó ni ó sì ń fún un ní ìtumọ̀. Ìlù Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ń sọ ọ̀rọ̀ gan-an, oníjó ń tún un sọ. Ọmọ Yewa tí ó dàgbà sídìí ìlù ti jẹ́ akàjó láti ilé wá. A kò tíì sọ fún un ní kíláàsì pé lítíréṣọ̀ ni ohun tí ó mọ̀ yẹn. Orin Ẹ̀fẹ̀ ni a ń kọ́ ọ bí ewì alohùn, tí a sì ń gbàgbé ẹsẹ̀ tí ó ń jó ní ọjọ́ kejì.

Àwọn kan yóò ní kí a má wulẹ̀ da òyìnbó pọ̀ mọ́ tiwa. Mo gbọ́. Ṣùgbọ́n ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n ni kì í jẹ́ kí a pe àgbà ní wèrè. Dúró Ládiípọ̀ gbé ìtàn Ṣàǹgó sórí ìtàgé nínú Ọba Kòso ní 1963, ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e ó ti gbé e dé Berlin. Ohun tí ó fi gbé e dé ibẹ̀ ni ìlù bàtá àti ohùn Yorùbá, lórí ìtàgé tí àwọn àjèjì mọ̀. Akin Euba, tí a bí ní Èkó ní 1935 tí ó sì kú ní 2020, kọ orin fún dùùrù lọ́nà tí dùùrù fi ń ṣe bí ìlù, African pianism ni ó sì pe ọ̀nà náà. Bí dùùrù bá lè kọ́ ọ̀rọ̀ ìlù, kò sí ohun tí ó ní kí dùùrù má wọ inú ìtàn ọmọ tí ó lo ayé rẹ̀ láàárín méjèèjì.

Àwọn mìíràn yóò ní kí a kúkú ṣe ballet fún Àìná, nítorí inú ilé àwọn Gẹ̀ẹ́sì ni ó dàgbà sí. Èmi kò fara mọ́ èyí pátápátá. Bí dùùrù nìkan bá sọ ìtàn Àìná, a tún ti fi í ta Ọbabìnrin lọ́rẹ lẹ́ẹ̀kejì. Lójú tèmi, ìlù ni kí ó bẹ̀rẹ̀ ijó náà, ní Òkè-Ọ̀dàn, kí gbólóhùn ìlù náà sì já sí méjì ní òru ogun. Kí dùùrù gba àárín, kí a gbọ́ bí ọmọ náà ti ń kọ́ orin àjèjì, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ń rántí gbólóhùn tí kò parí. Ní ìgbẹ̀yìn, kí ìlù padà wá parí ohun tí ó ti bẹ̀rẹ̀. Ìyẹn náà ni ọgbọ́n àwítúnwí tí a rí lọ́wọ́ Neumeier, ṣùgbọ́n ní èdè tiwa. Kí a má sì gbàgbé pé Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní àwọn tí ó ni ín. Ìyálásẹ̀ àti àwọn àgbà ni wọ́n mọ èyí tí ó ṣeé gbé sórí ìtàgé àti èyí tí kò gbọdọ̀ rí kámẹ́rà. Kí a kọ́kọ́ bèèrè lọ́wọ́ wọn.

Ọ̀rọ̀ kámẹ́rà yìí ṣe pàtàkì. Kì í ṣe gbogbo ọmọ Yewa ni yóò dé Hamburg, fíìmù ni yóò mú Hamburg wá bá a. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ń ká ijó sílẹ̀ lè pa ijó náà. Bí ó bá sún mọ́ ojú nìkan, ara yóò sọnù. Bí ó bá ń gé àwòrán ní ìṣẹ́jú àáyá méjì méjì, gbólóhùn ijó yóò fọ́. Nínú ballet, ẹni tí kò rí gbogbo ara kò rí ijó. Nínú Gẹ̀lẹ̀dẹ́, ẹni tí kò rí ẹsẹ̀ kò gbọ́ ọ̀rọ̀. Ọ̀pọ̀ àwòrán Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tí a ń rí lórí fóònù ni ó jẹ́ pé igi tí ó wà lórí ni wọ́n ń yà, tí ẹsẹ̀ sì wà ní ìta àwòrán.

Ẹ̀yin olùkọ́, ohun tí mo bẹ̀ yín kí ẹ ṣe kò gba owó púpọ̀. Ẹ wá ìran kan nínú fíìmù ballet yìí. Ẹ kọ́kọ́ pa ohùn rẹ̀, kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wò ó, kí wọ́n kọ ohun tí wọ́n rò pé ó ń ṣẹlẹ̀. Lẹ́yìn náà, kí wọ́n dijú, kí wọ́n gbọ́ orin nìkan. Ní ìkẹta, kí wọ́n wò ó kí wọ́n sì gbọ́ ọ, kí wọ́n wo ohun tí ó yí padà. Lẹ́yìn èyí, ẹ pe onílù kan láti àdúgbò yín, kí ó lu gbólóhùn kan, kí ó sì sọ ìtumọ̀ rẹ̀. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ ka ìtàn Àìná, kí ẹ kọ ìran kan ṣoṣo nínú ayé rẹ̀ láìlo ọ̀rọ̀ ẹnu: ọjọ́ ogun, ọjọ́ ààfin, tàbí alẹ́ tí ó kọ lẹ́tà rẹ̀ tán. Ẹ sọ aṣọ tí yóò wọ̀, ẹ sọ orin tí yóò dún, ẹ sì sọ ibi tí orin náà yóò ti dákẹ́.

Marie Duplessis kú ní ọmọ ọdún 23, ẹrù rẹ̀ sì di ti gbàǹjo. Síbẹ̀, láti 1848 títí di òní, ayé kò yé jó o, wọn kò yé kọrin rẹ̀. Òpó òkúta ni ọkọ Àìná gbé ró fún un, òkúta kì í sì í jó. Ijó tí ó kù, ọwọ́ ilẹ̀ Yewa ni ó wà. Ilé ni a ti í kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Bí àwa kò bá jó ọmọ wa ní ilé, kí a má ṣe bínú sí ẹni tí ó bá jó o bí ó ti wù ú ní òde.